Ọmọ Tí Wọn Ò Béèrè

Iṣẹ́ gígé àti títo fíìmù ni màmá ará Poland kan fi ń jẹun, ogún ọdún nílùú wọn, ogún ọdún mìíràn ní Peckham. Yàrá iṣẹ́ wọn wà lókè ibi tí wọ́n ti ń fọ mọ́tò ní Old Kent Road. Wọn ò gbọ́ Yorùbá. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ní kí n wá jókòó tì wọ́n, kí n máa túmọ̀ fíìmù kan nípa ìyá méjì ládùúgbò wa, ọ̀rẹ́ tó di ọ̀tá, tí kò sẹ́ni tó fẹ́ sọ ìdí rẹ̀.

Ọ̀gá tó ni fíìmù náà, tí irùngbọ̀n rẹ̀ dàgbà ju òun fúnra rẹ̀ lọ, ní kí màmá gé ibi tí àwọn ìyá náà ti ń kíra wọn. Odindi ìṣẹ́jú mẹ́ta! Ojú ń tì mí láti sọ ọ́, èmi náà gbè é lẹ́yìn. Mo ní ìkíni lásán ni, bá a ṣe máa ń pẹ́ lórí ẹ̀ nìyẹn.

 Màmá dá fíìmù padà, wọ́n dá a dúró lójú ìyá tó gbàlejò.

“Ojú obìnrin yìí yí padà níbí. Kí ni wọ́n sọ sí i?”

“Wọn ò sọ nǹkan kan, Màmá.”

“Kí ni wọn ò sọ, nígbà náà?”

Mo wá tẹ́tí dáadáa. Àlejò béèrè ọmọbìnrin tó wà ní Bermondsey, ó béèrè àbíkẹ́yìn, àwọn ọmọ-ọmọ, orúnkún tó ń dunni, kódà ó béèrè ológbò. Kò béèrè àkọ́bí. Ẹni tó bá kí gbogbo ilé tó fo ọmọ kan, ó ti bú ìyá ọmọ náà láìlanu. Ìjà tí a ń wá kiri nìyẹn! Etí tèmi tí wọ́n bí sínú èdè náà ti sùn lọ. Ẹni tí kò lè pe “ẹ káàárọ̀” kó já geere ló fi ojú rí i.

Mo ṣàlàyé fún ọ̀gá. Ó ní àwọn òǹwòran ò ní sùúrù. Bí màmá ò bá gé e, òun á gbé iṣẹ́ fún ẹlòmíràn, òun á sì yọ orúkọ wọn kúrò nínú fíìmù náà.

Màmá dìde, wọ́n wọ kóòtù.

“Nílùú wa, ọ̀gá tó ní ọlọ́pàá lẹ́yìn ní kí n gé fíìmù, mi ò gé e. Ìwọ tó jẹ́ pé kọ́fí nìkan lo ní lọ́wọ́ ńkọ́?”

Èmi náà mú kóòtù tèmi.

“Ọ̀gá, ẹ máa rí ẹni tó máa gé e. Ta ló máa túmọ̀ ẹ̀?”

Ó wo kóòtù méjèèjì. Ó jókòó, ó ní ká tún un wò láti ìbẹ̀rẹ̀. Nígbà tó dé ibi tí ojú ìyá yẹn ti yí padà, ó gbé kọ́fí sílẹ̀, ó ní ká fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀.

Màmá ò bọ́ kóòtù wọn títí ìkíni náà fi parí.