Etí Golapjan ní Èbúté Sadarghat

Ẹni tó bá fẹ́ gbọ́ kó jókòó, ẹni tí oorun bá ń kùn kó lọ bọ́jú. Èyí kì í ṣe àlọ́. Ojú mi ló ṣe.

Ọgbọ̀n ọdún ni Golapjan fi ta paan, ewé tí a ń kun ẹfun sí jẹ bí obì, ní èbúté Sadarghat, tí èmi ń ta ìrẹsì dídín lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ará Barisal ni. Odò ló jẹ ilẹ̀ ọkọ rẹ̀ tán, ló bá di ará Dhaka tipátipá. Kò mọ̀wé, bí èmi náà ò ṣe mọ̀wé, ṣùgbọ́n etí rẹ̀ kàwé. Kí oníbàárà tó la ẹnu lẹ́ẹ̀mejì, á ti ní, "Ará Chandpur, ṣé kí ẹfun ewé ẹ pọ̀ ni?" Èdè kan ni gbogbo wa ń sọ lóòótọ́, ṣùgbọ́n etí odò kọ̀ọ̀kan ló ní ohùn tirẹ̀. Ará Sylhet a máa fà á bí orin, ará Chittagong a máa sọ ọ́ bí ẹni tí ata ń ta láhọ́n, ará Dhaka a sì máa fi gbogbo wọn ṣe yẹ̀yẹ́.

Ohun tí ẹnikẹ́ni ò mọ̀, àfi èmi, ni pé etí òsì rẹ̀ ti ń di. Fèrè ọkọ̀ ló bà á jẹ́. Lọ́dún tó kọjá, ó pe ará Bhola kan ní ará Patuakhali. Ọkùnrin yẹn rẹ́rìn-ín, ó bá tirẹ̀ lọ. Golapjan ò rẹ́rìn-ín. Láti ọjọ́ náà ló ti ń yí etí ọ̀tún sí ènìyàn, bí adìẹ tó ń ṣọ́ àṣá.

Ní ọjọ́ tí mò ń wí yìí, Iléyá ku ọjọ́ méjì, oòrùn ti ń rọ̀. Èrò ń ti èrò. Kuddus alárùú gbé ọmọbìnrin kan dé, ọmọ bí ọdún mẹ́rin, aṣọ pupa, bàtà ẹsẹ̀ kan ṣoṣo.

"Khala, àǹtí mi, ẹ̀yìn àpò àlùbọ́sà ni mo ti rí i. Mo bi í léèrè ilé, ẹkún ló fi dá mi lóhùn."

Golapjan fà á mọ́ra. "Kí lorúkọ ẹ, ìyá mi?"

"Buri."

"Ẹ ò rí nǹkan!" ni Kuddus wí. "Ìdajì ọmọbìnrin ilẹ̀ yìí ni wọ́n ń pè ní Buri nílé. Ó kù ká lọ máa dá wọn padà lọ́kọ̀ọ̀kan."

Mo wo odò. Ọkọ̀ Hatiya ti ń rú èéfín, ti Bhola máa tẹ̀ lé e, ti Barisal ló máa kẹ́yìn. Nínú èrò ọdún, ìyá a máa rò pé ọmọ wà lọ́wọ́ bàbá, bàbá a máa rò pé ó wà lọ́wọ́ ìyá, títí ọkọ̀ á fi ṣí. A ò sì mọ ẹni rere, a ò mọ ẹni burúkú láàrin àwọn tó ń wo ọmọ yẹn.

Golapjan ò bi í ní nǹkan kan mọ́. Ó gbé e lé itan ọ̀tún, ó ní:

"Lékeléke kan fi ẹyin rẹ̀ sọ́wọ́ akátá."

Ọmọ náà dákẹ́ ẹkún. "Ùn-hún," ó dáhùn, bí a ti ń dá onítàn lóhùn.

"Akátá tọ́jú ẹyin náà dáadáa. Kò fọwọ́ kàn án."

"Irọ́!" Ọmọ ti bínú. "Ó jẹ ẹ́! Ó jẹ ẹ́ tán, ó wá mu omi lé e!"

Mo rẹ́rìn-ín, n ò mọ ìgbà tí mo rẹ́rìn-ín. Golapjan ní tirẹ̀ ti di igi. "Hani" ni ọmọ náà pe omi, kò pè é ní "pani" bíi tiwa.

"Hatiya ni," ó ní. Lẹ́yìn náà ló fọwọ́ kan etí òsì rẹ̀. "Àbí... fèrè ń fọn nígbà tó sọ ọ́."

"Khala, ẹ má fi ọmọ ọlọ́mọ ta tẹ́tẹ́ o," ni Kuddus wí.

"Gbé e, ká lọ!"

A sáré. Akọ̀wé ọkọ̀ Hatiya gba ẹ̀rọ gbohùngbohùn, ó fi èdè inú ìwé kéde: "Ìyá ọmọbìnrin tó wọ aṣọ pupa, ẹ jọ̀wọ́, ẹ yọjú." Ó kéde lẹ́ẹ̀mẹta. Gbogbo obìnrin inú ọkọ̀ fọwọ́ kan orí ọmọ tiwọn, wọ́n sì gbójú kúrò. Àwọn atukọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í fa pákó tí èrò ń gbà wọlé.

"Ti Bhola ni!" Kuddus ń pariwo. "Ẹ jẹ́ ká máa lọ bá ti Bhola!"

Golapjan jókòó sórí okùn ọkọ̀, ó ní, "Etí mi ti tàn mí jẹ. Mo ti pa ọmọ ọlọ́mọ."

Ọmọ náà, tí gbogbo èyí ò kàn, fa aṣọ rẹ̀. "O ò tíì parí ìtàn náà. Ìyá àgbà máa ń parí ẹ̀."

"Ta ni?"

"Ìyá àgbà. Màmá wà níbi tí wọ́n ti ń ránṣọ."

Golapjan fọwọ́ lu iwájú orí ara rẹ̀. "Ahọ́n ìyá àgbà ló wà lẹ́nu ọmọ yìí, ìyá la wá ń ké sí!" Ó dìde, ó kọjú sí èrò, ó sì ké bí wọ́n ṣe ń ké ní Hatiya, bí ẹni ń pe màlúù láti òdìkejì odò: "Ìyá àgbà Buri oooo! Buri wà níbí oooo!"

Fèrè ọkọ̀ fọn, èmi ò gbọ́ nǹkan kan. Golapjan ló yí orí lójijì. "Ó ń dáhùn!"

Kì í ṣe inú ọkọ̀. Ẹ̀yìn wa ni, níbi ilé ìgbẹ́. Arúgbó kan tó wọ sáàrì funfun ń ya èrò bọ̀. Ó ti tó wákàtí kan tó ń di ènìyàn lápá mú kiri, tí wọ́n ń dá a lóhùn pé, "Màmá, ẹ sọ̀rọ̀ bí ènìyàn, a ò gbọ́." Ó gbá ọmọ náà lẹ́yìn lẹ́ẹ̀mejì kó tó dì mọ́ ọn, àwọn méjèèjì sì bú sẹ́kún.

Ọkọ̀ Hatiya ti lọ. Yàrá tí èmi àti Golapjan jọ ń gbé ni wọ́n sùn. Arúgbó jẹun yó tán, ó ní, "Golapjan, ta ló kọ́ ẹ ní ohùn wa? Bí ẹni tí ìrẹsì gbígbóná wà lẹ́nu ẹ̀ lo ṣe pè mí."

"Ẹ kọ́ mi, ìyá. Ṣùgbọ́n etí òsì yìí ni kẹ́ ẹ sọ ọ́ sí."

Arúgbó bẹ̀rẹ̀ mọ́ etí òsì náà, ó fi ohùn Hatiya sọ ọ́. Golapjan ní òun gbọ́. Èmi ń wo ojú rẹ̀, mo mọ̀ pé kò gbọ́ tán.

Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, mo gbé agbọ̀n ìrẹsì mi lọ sí apá òsì rẹ̀. Kò bi mí nídìí rẹ̀. Bí oníbàárà bá ti apá yẹn sọ̀rọ̀, mo máa ń fi ìgbọ̀nwọ́ gbún un, á sì yíjú.