Bí Tèmi Ṣe Lọ Dán Sinimá Wò ní Padova

Aago márùn-ún ìdájí la jáde nílé ní Barriera di Milano, àdúgbò tí kì í ṣe ara Milano láìka orúkọ rẹ̀ sí, èmi àti Tèmi, ọmọ mi obìnrin ọlọ́dún mẹ́sàn-án. Padova là ń lọ. Bàbá ará Jámánì kan tó ń ṣe sinimá tọmọdé tàgbà ń wá ọmọ tí yóò kópa nínú èyí tó fẹ́ fi kádìí iṣẹ́. Ó ti lé lọ́gbọ̀n ọdún tó ti wà lẹ́nu rẹ̀, kò sì sí ọ̀kan nínú sinimá rẹ̀ tí mo ti ní láti fọwọ́ bo ọmọ lójú. Tèmi gbààwẹ̀ nítorí ipa yìí, ọmọ tí kì í fi oúnjẹ ṣeré!

A pààrọ̀ ọkọ̀ ojú irin ní Milano. Nílẹ̀ Yorùbá, a ò bá ti mọ orúkọ ara wa kí ọkọ̀ tó kúrò ní gáréèjì. Níbí, kò sẹ́ni tó sọ̀rọ̀ títí mo fi ṣí mọ́ínmọ́ín. Ìyá òyìnbó tó jókòó tì wá ń fa òórùn rẹ̀ símú, mo bù fún un, ó jẹ ẹ́ tán, a wá bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀.

Kẹ̀kẹ́ fẹ́rẹ̀ẹ́ pọ̀ ju èèyàn lọ ní Padova. Mo mu kọfí yúrò kan ààbọ̀ lóòró bíi tiwọn, a sì wọ gbọ̀ngàn tí wọ́n ti ń dán àwọn ọmọ wò.

Bàbá náà wà níbẹ̀, ó wọ ìbọ̀sẹ̀ sínú sálúbàtà. Ó sọ fún àwa òbí pé tíṣà lòun tẹ́lẹ̀. Àwọn ọmọ kíláàsì òun lòun kọ́kọ́ fi ṣe sinimá, torí kò sówó òṣèré. Wọ́n wá ní kí Tèmi jí bàbá arúgbó kan tó sùn sórí àga: "Carlo, svegliati!", ìyẹn ni pé, Carlo, jí!

"Zio Carlo, svegliati!" ni Tèmi wí. Zio ni wọ́n ń pe àbúrò tàbí ẹ̀gbọ́n bàbá ẹni.

Akọ̀wé bàbá náà ní Carlo lásán ló wà nínú ìwé. Tèmi tún un ṣe lẹ́ẹ̀mejì, zio náà ni. Mo bá jágbe mọ́ ọn:

"Tèmi, pe orúkọ ẹ̀ jàre! It's only acting!"

"Mamma, è vecchio. Me l'hai insegnato tu." Àgbàlagbà ni, ìwọ lo kọ́ mi. Omi ti lé sójú rẹ̀.

Ojú tì mí. Akọ̀wé ti ń pe ọmọ tó kàn, àmọ́ bàbá ará Jámánì náà ní kí n ṣàlàyé. Mo ní lọ́dọ̀ wa, bí ilé ń jó pàápàá, ọmọ kì í pe àgbà lórúkọ lásán. Ó rẹ́rìn-ín títí, ó gba ìwé, ó fi bírò kọ zio síwájú gbogbo Carlo tó wà níbẹ̀.

Ó ní, "Láti ìgbà tí mo ti ń kọ́ ọmọdé lóhun tí wọ́n máa sọ, àwọn tó kọ̀ fún mi ló dáa jù."

Bó ṣe fún Tèmi ní ipa náà nìyẹn. Inú mi dùn débi pé mo fẹ́rẹ̀ẹ́ jó nínú ọkọ̀. Nígbà tá a délé nírọ̀lẹ́, ọkọ mi béèrè bó ṣe lọ. Mo ní ọmọ ti gba ipa náà. Ohun tí ò tètè jáde lẹ́nu mi ni pé èmi tí mo fi ẹ̀kọ́ yẹn lé e lọ́wọ́ ni mo fẹ́ jù ú nù nítorí sinimá. Ọmọ tí kì í fi Yorùbá dá mi lóhùn ló dì í mú.