Olúyọmí Fi Kàlẹ́ńdà Bo Ìwé Rẹ̀

Ní ṣọ́ọ̀ṣì wa ní Dagenham nílùú òyìnbó, olùkọ́ èdè àtijọ́ ni a mọ Olúyọmí Adédìran sí. Bó ṣe máa ń pè é fún wa nìyẹn, ká lè rò pé èdè Bíbélì ni. Irọ́ ni. Sáńsíkírìtì ni, èdè tí àwọn ará Íńdíà fi kọ ìtàn òrìṣà wọn láyé àtijọ́. Àwa tá à ń wọ sùtánà, tá a ti ń lé òrìṣà jáde nílé baba wa, ta ló fẹ́ sọ ìyẹn létí wa?

Ìyá rẹ̀ nìkan ló mọ̀. Bí Màmá bá ń ṣa ẹ̀wà nílé wọn ní Thames View, Olúyọmí á máa pa ìtàn fún un. Ó pa ti Gánéṣà, ọ̀kan nínú òrìṣà wọn, ọmọ tí ìyá rẹ̀ fi ṣọ́ ẹnu ọ̀nà. Bàbá ọmọ dé, kò mọ̀ pé ọmọ òun ni, ó bẹ́ ẹ lórí. Nígbà tí inú rẹ̀ rọ̀, orí erin ló rí fi rọ́pò. Màmá sunkún nítorí ìyá ọmọ náà.

Ìwé tó kọ lórí ìtàn yìí jáde, Màmá ní dandan, àwọn á fi dúpẹ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì. Ojú ti Olúyọmí. Àwòrán Gánéṣà olórí erin, ọlọ́wọ́ mẹ́rin, ló wà lára èèpo ìwé! Ló bá ṣe é bí a ṣe ń ṣe ìwé ọmọ iléèwé nílé: ó fa kàlẹ́ńdà ṣọ́ọ̀ṣì ya, ó fi bò ó, ó sì fi gọ́ọ̀mù lẹ̀ ẹ́ pinpin. Fọ́tò Wòlíì ló bọ́ síwájú. Ó rò pé òun gbọ́n.

Lọ́jọ́ ọpẹ́, a jó dé iwájú pẹpẹ. Wòlíì gbàdúrà sórí ìwé, ó dá a padà, Olúyọmí mí kanlẹ̀. Àṣé ìyá rẹ̀ ò tíì parí. Ó gba máíkì, ó ní ọkọ òun olóògbé ò mọ̀wé, ìka ló fi ń tẹ̀wé dípò kó kọ orúkọ ẹ̀ títí ó fi kú. Òun náà ò mọ̀wé, àmọ́ òun ti kọ́ bí wọ́n ṣe ń kọ Adédìran, kí òun lè dá a mọ̀ lára ìwé ọmọ òun. Ó gba ìwé náà, ó gbé e sókè.

"Ẹ̀yin ará, ẹ wò ó. Orúkọ bàbá ẹ̀ rèé."

Ó fi ìka wá orúkọ náà. Ó yí ìwé sọ́tùn-ún, ó yí i sósì. Kò rí i. Ó wá yíjú sí ọmọ rẹ̀.

"Yọmí, kí ni bàbá ẹ ṣe tó o fi bò ó?"

Ojú ti Olúyọmí, ó tì wá mọ́ ọn. Ó gba ìwé, ó fi èékánná bẹ̀rẹ̀ sí í họ kàlẹ́ńdà ọ̀hún níṣojú gbogbo wa, ṣùgbọ́n bó ṣe ń ya kàlẹ́ńdà ló ń ya orúkọ náà mọ́ ọn.