Títí di Iléyá

Òórùn epo pupa tó ń hó ni mo kọ́kọ́ máa ń rántí. Ilé iṣẹ́ ìfúnpo wa wà ní àdúgbò Alajue, bí èèyàn bá sì ti wọ ibẹ̀, òórùn epo á dì mọ́ ọn láṣọ títí ọlọ́kadà á fi mọ ibi tó ti ń bọ̀. Bàbá mi ló dá a sílẹ̀, wọ́n fi í ṣe kọ́ńpìnnì, àwọn fúnra wọn, ìyá mi àti àbúrò bàbá mi ọkùnrin ló jọ ni ín. Lẹ́yìn tí bàbá mi jáde láyé, ibẹ̀ ni èmi àti ìyá mi ti ń jẹ.

Àfi bí àbúrò bàbá ṣe gba ilé ẹjọ́ lọ ní Òṣogbo, tó ní ìyá mi ń ba kọ́ńpìnnì jẹ́. Ẹni tó bá mọ̀ mí á mọ̀ pé mi ò kì í pe àgbà ní “ó”, ṣùgbọ́n tirẹ̀ yàtọ̀. Adájọ́ pàṣẹ onígbà díẹ̀: kí wọ́n ti ibẹ̀ pa, kí ìyá mi má sì fẹsẹ̀ tẹ ibẹ̀ títí ẹjọ́ á fi parí. Lọ́yà wa, obìnrin kan tí kì í fọ̀rọ̀ falẹ̀, sáré wá bá wa nílé.

“Màmá, ẹ jẹ́ ká pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn lórí àṣẹ yìí. Ọ̀sẹ̀ méjì péré ni òfin fún wa. Ẹ wá búra sí ìwé tá a máa fi síwájú adájọ́.”

Ìyá mi ò lè búra. Nílé wa, àbúrò ọkọ, ọkọ ni. Láti ìgbà tí bàbá mi ti gbé wọn níyàwó ni wọ́n ti ń kúnlẹ̀ kí i, bí wọ́n tilẹ̀ jù ú lọ lọ́jọ́ orí. Báwo ni wọ́n á ṣe wá búra lòdì sí ọkọ wọn ní kóòtù? Mógàjí agboolé wa tún wá fi kún un pé, “Ìyàwó, a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Ní sùúrù. Jẹ́ kó di Iléyá, gbogbo ọmọ ilé á ti dé, a ó parí ẹ̀ nílé.” Àbúrò bàbá jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn, ó ń mi orí. “Bẹ́ẹ̀ náà ni, bàbá,” ló wí. Mo bẹ ìyá mi títí pé kí wọ́n búra. Wọ́n ní ọkọ àwọn ti gbà, ó tán.

Iléyá dé. Ìyá mi yọ itan àgbò tó dáa jù, wọ́n ní kí n gbé e lọ fún àbúrò bàbá. Ó gbà á tẹ̀ríntẹ̀rín, ó ṣàdúà gígùn fún mi, èmi òmùgọ̀ náà ń ṣàmín. Nígbà tí ẹbí jókòó lẹ́yìn ọdún, ó ní, “Ẹ má bínú, bàbá, ọ̀rọ̀ ti wà ní kóòtù. Lọ́yà mi ní kí n má sọ nǹkan kan.” Ọ̀sẹ̀ méjì wa ti kọjá tipẹ́. Òun sì ti ń to irin ilé iṣẹ́ ìfúnpo tirẹ̀ jọ lọ́nà ìlú Ara.

Ìyá mi wá fi omijé búra, a sì bẹ kóòtù pé kó gbà wá láyè láti pe ẹjọ́ náà bí àkókò tilẹ̀ ti kọjá. Àwọn adájọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn bi wá pé kí ló dá wa dúró. Lọ́yà wa ní à ń dúró de ìpàdé ẹbí. Wọ́n ní ìyẹn kì í ṣe ìdí lójú òfin, wọ́n sì da ẹ̀bẹ̀ wa nù.

Ẹjọ́ gan-an ṣì wà ní Òṣogbo, wọ́n ń sún un síwájú. Ìyá mi ti lọ. Àṣẹ onígbà díẹ̀ ló pẹ́ jù wọ́n lọ láyé. Mo kọjá níbẹ̀ láìpẹ́ yìí, igbó ti bo ẹnu ọ̀nà, mi ò sì gbóòórùn epo kankan.

Wọ́n ní sùúrù ni baba ìwà, mo gbà. Ṣùgbọ́n bí àgbà bá ti ní kí n ṣe sùúrù báyìí, ojú ẹni tó jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, tó ń mi orí, ni mo máa ń wò.