Bí Ẹjọ́ Oko Kajú Ṣe Gbé Mi Dé Ìgbìmọ̀

Ẹjọ́ àkọ́kọ́ tí èmi nìkan dá gbà rò ní ilé ẹjọ́ Savalou, ní orílẹ̀-èdè Benin, inú oko ni mo ti rò ó, ìjàlọ ló sì bá mi parí rẹ̀.

Ọmọ tíṣà ni mí, ará Bantè. Èdè Faransé ni mo fi kọ́ òfin, mo sì gbà nígbà náà pé ẹni tí Faransé rẹ̀ bá dùn jù ni adájọ́ ń dá láre. Oníbàárà mi ni Ìyá Àfúsá, opó kan láti Bobè. Mẹ́ẹ̀tì ni wọ́n ń pe gbogbo agbẹjọ́rò ní kóòtù, ìyá sì rò pé orúkọ àbísọ mi ni. Ó ní kí Ọlọ́run tẹ́ bàbá tó sọ mí ní Mẹ́ẹ̀tì sí afẹ́fẹ́ rere. Bàbá mi sì wà láàyè ní Bantè, ó ń jẹun lọ́wọ́.

Oko kajú ni ọkọ ìyá fi sílẹ̀ fún òun àti ọmọ mẹ́rin. Bàbá Múmíní, télọ̀ kan tí oko rẹ̀ bá tiwọn pààlà, ní ìlà igi mẹ́ta níbẹ̀ jẹ́ ti òun. Bí ìlà mẹ́ta yẹn bá lọ, èyí tó kù kò lè bọ́ ọmọ mẹ́rin. Bàbá náà kì í sì í ṣe èké. Ohun tí bàbá tirẹ̀ sọ fún un ló dì mú. Kò gba agbẹjọ́rò. Ó ní ẹnu òun tó òun.

Ẹnu rẹ̀ tó o lóòótọ́. Mo sọ Faransé títí adájọ́ fi yán. Bàbá dìde, ó sọ̀rọ̀ díẹ̀ ní èdè Ìṣà tí a ń sọ nílé, gbogbo ilé ẹjọ́ rẹ́rìn-ín, ògbufọ̀ pàápàá kò lè túmọ̀ tán. Mo rí i pé ẹjọ́ ń yọ́ bọ́ lọ́wọ́ mi, mo bá bẹ adájọ́ kó wá fojú ara rẹ̀ wo ilẹ̀ náà. Ó gbà.

Kò sẹ́ni tó ní kí n wọ aṣọ dúdú agbẹjọ́rò lọ sóko, àmọ́ tuntun ni, mo fẹ́ kí Bobè rí i. Mo nà ró, mo nawọ́, mo bẹ̀rẹ̀ sí í ka òfin, láìmọ̀ pé ojú ọ̀nà ìjàlọ ni mo dúró sí. N kò tíì ka gbólóhùn kejì tán tí wọ́n fi dé orúnkún mi. Mo ń ta pọ́ún-pọ́ún. Akọ̀wé kóòtù rò pé àlàyé ni, ó ń kọ ọ́ sílẹ̀. Nígbà tó yá, mo bọ́ aṣọ náà jù nù, mo sá wọ igbó tó wà láàárín oko méjèèjì, kùkùté kan sì gbé mi ṣubú.

Ìyá Àfúsá àti Bàbá Múmíní ló kọ́kọ́ dé ọ̀dọ̀ mi. Bí ìyá ṣe ń ṣa ìjàlọ lẹ́yìn mi, bàbá yíjú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan nítorí ọ̀wọ̀. Ibi tó yíjú sí ni kùkùté yẹn wà. Ó bẹ̀rẹ̀, ó fi àdá ha koríko rẹ̀. Pèrègún ni. Ó ha iwájú, òmíràn tún wà níbẹ̀, òmíràn tún tẹ̀ lé e, gbọnrangandan bí okùn. Kò sí pèrègún tí í dá to ara rẹ̀ lọ́wọ̀ọ́wọ́; àwọn baba ló fi pààlà. Ìlà mẹ́tẹ̀ẹ̀ta bọ́ sọ́dọ̀ ìyá.

Adájọ́ ṣì jìnnà. Ọmọ ìwé bíi tèmi, kùkùté lásán ni mo rí. Ká ní bàbá dákẹ́, ó parí nìyẹn, kò sẹ́ni tí ì bá mọ̀. Ó nu àdá rẹ̀ sára ewé, ó sì kígbe pe adájọ́.

“Ẹ máa bọ̀. Ààlà rèé. Èmi ni n kò gbọ́ ọ̀rọ̀ bàbá mi dáadáa.”

N kò mọ èyí tí mo ń ṣe mọ́, ẹkún ni tàbí ẹ̀rín.

Ọdún mélòó kan lẹ́yìn náà, mo jáde dupò nínú ìgbìmọ̀ kọ́múùnù Bantè, ìyẹn ìjọba ìbílẹ̀ wa. Ní ìpàdé Bobè, mo ṣì ń wá ìwé ọ̀rọ̀ mi nínú àpò. Bàbá Múmíní ló dìde láìjẹ́ pé a pè é. Ó ní ẹjọ́ tí òun jẹ̀bi rẹ̀, agbẹjọ́rò tó borí kò fi òun ṣe yẹ̀yẹ́ rí, ẹni bẹ́ẹ̀ sì lè gba ọ̀rọ̀ ìlú rò. Lọ́jọ́ ìdìbò, òun àti Ìyá Àfúsá jọ gun alùpùpù kan ṣoṣo wá, wọ́n ń jiyàn lórí ẹni tó yẹ kó jókòó sẹ́yìn.

Nígbà tí mo wọlé ìbò, mo lọ kí bàbá nídìí maṣíìnì ìránṣọ rẹ̀, mo bi í pé kí ni kí n ṣe fún wọn.

“Tún ọ̀nà Bobè ṣe,” ó ní, “kí n lè máa tètè dé kóòtù. Ẹjọ́ yẹn dùn mọ́ mi.”

A tún ọ̀nà náà ṣe. Kò pé ọ̀sẹ̀ kan tí bàbá fi dé Savalou pẹ̀lú ẹjọ́ ewúrẹ́. Ìyá Àfúsá ni ẹlẹ́rìí rẹ̀, èmi ni agbẹjọ́rò.