Ìwé Ẹ̀rí Tí Adákẹ́ Fi Pamọ́

Ọdún mẹ́sàn-án gbáko ni ọkùnrin tí wọ́n ń pè ní Adákẹ́ fi ṣe òjíṣẹ́ ní báńkì kan. Òun ló ń gbé fáìlì láti yàrá dé yàrá, òun náà ló ń po tíì fáwọn ọ̀gá. Wọ́n rò pé ìwà pẹ̀lẹ́ ni kì í jẹ́ kó sọ̀rọ̀. Wọn ò mọ̀ pé ìbẹ̀rù ni. Fọ́ọ̀mù iṣẹ́ náà sọ pé wọn ò fẹ́ ẹni tó kàwé kọjá girama, bẹ́ẹ̀ Adákẹ́ ti gboyè ní yunifásítì. Ó ti wáṣẹ́ títí ó ti sú u. Ó bá kọ ọ́ pé girama lòun kà mọ, ó sì fọwọ́ sí i.

Àfi lọ́jọ́ kan tí wọ́n gbé akọ̀wé tuntun kan wá. Obìnrin náà tẹjú mọ́ ọn.

“Háà! Ṣé ìwọ kọ́ lò ń ṣàlàyé ìṣirò fún wa ní yunifásítì nígbà tó bá rú wa lójú?”

Tíì dà sílẹ̀ yàà. Ọ̀rọ̀ náà dé etí àwọn ọ̀gá. Lọ́jọ́ kẹta, wọ́n já lẹ́tà lé e lọ́wọ́: iṣẹ́ ti bọ́.

“Bàbá àwọn ọmọ, ẹ jẹ́ ká lọ sí kóòtù,” ni ìyàwó rẹ̀ wí.

“Kóòtù kẹ̀? Kí wọ́n wá tì mí mọ́lé? Ṣebí mo purọ́.”

“Ẹ purọ́ lóòótọ́. Àmọ́ ṣé wọ́n tiẹ̀ bi yín léèrè kí wọ́n tó lé yín?”

Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ní tiẹ̀ fà á sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. “Sọ pé èmi ni mo bá ẹ kọ fọ́ọ̀mù yẹn. Màá jẹ́rìí sí i.”

Níkẹyìn, ó gbọ́ ti ìyàwó rẹ̀, wọ́n sì gba lọ́yà obìnrin kan. Nígbà tó dénú kóòtù, ó fọwọ́ méjèèjì di igi iwájú rẹ̀ mú. Lọ́yà báńkì na fọ́ọ̀mù sókè.

“Ta ló kọ eléyìí?”

Adákẹ́ wo ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mirí sí i pé kó dárúkọ òun. Irọ́ kan ṣoṣo ló ti ń sá fún láti ọdún mẹ́sàn-án. Ibo ló fẹ́ gbé èkejì sá gbà?

“Èmi ni, olúwa mi. Èmi ni mo kọ ọ́.”

Adájọ́ ń kọ̀wé lọ, kò gbójú sókè. Adákẹ́ ti ń ronú ẹni tí yóò máa mú àwọn ọmọ lọ síléèwé tí wọ́n bá tì í mọ́lé.

Oṣù kan gbáko ló fi dúró kí ọjọ́ ìdájọ́ tó kò. Adájọ́ ní ẹ̀bi wà lọ́rùn òjíṣẹ́ náà, báńkì sì lẹ́tọ̀ọ́ láti bá a wí. Àmọ́ wọn ò lẹ́tọ̀ọ́ láti lé e láìgbọ́ tẹnu rẹ̀. Kí wọ́n gbà á padà, kí wọ́n jókòó gbọ́ ọ.

Ìyàwó rẹ̀ bú sẹ́kún. Adákẹ́ yíjú sí lọ́yà rẹ̀. “Ẹ jọ̀ọ́ mà, ṣé mo lè máa lọ sílé?”

Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, ìgbìmọ̀ báńkì gbọ́ tẹnu rẹ̀. Wọ́n ní wọn ò ní gbé e ga fún ọdún mẹ́ta, wọ́n sì kọ lẹ́tà ìkìlọ̀ fún un. Adákẹ́ gba bébà náà lọ́wọ́ alága, ó sì fọwọ́ sí i.