Òwú Ara Ìró Yèyé Mi

Ọmọ mi, gbọ́ kí o kọ ọ́. Nígbà tí géèmù rẹ kọ̀ tí kò ṣí láàárọ̀, o ní kọ̀ǹpútà ń yẹ àwọn fáìlì rẹ̀ wò lọ́kọ̀ọ̀kan, èyí tó bàjẹ́ nìkan ni yóò pààrọ̀. Ọ̀sán kan ní Ìgèdè ló sọ sí mi lọ́kàn.

Eku jẹ aṣọ kíjìpá bàbá mi. Yèyé mi tẹ́ ẹ sóòrùn, ó ń fi ìka wá ojú ihò. Ó ń tu òwú lára ìró tirẹ̀, tó ṣì ń rùn fún aró, ó fi ń dí i.

"Yèyé, ẹ ń ba tiyín jẹ́ o!"

"Òwú kan náà ni mo fi hun méjèèjì. Bá mi fi í bọ abẹ́rẹ́, ọlọ́fintótó."

"Ibo ni bàbá ń lọ?"

"Adó."

Inú mi dùn, mo rò pé yóò ra búrẹ́dì bọ̀.

Aṣọ yẹn ló wọ̀ lọ gbé ìyàwó tuntun wálé.

Kó tó lọ, nígbà tó gbé aṣọ náà wọ̀ wò, ó wá ojú ihò náà tì. Ó ní, "O káre láé." Yèyé mi gbé ìró tirẹ̀, ó yí ibi tó lu sínú, ó ró o.